Sísun Sọ́séèjì Jámánì Pẹ̀lú Ọbẹ̀ Kíkan: Ìbéèrè àti Ìdáhùn

Kí ni bratwurst gan-an?

Bratwurst ni sọ́séèjì tí àwọn ará Jámánì máa ń sun lórí ẹyin iná, tàbí tí wọ́n máa ń dín nínú páànù, kí wọ́n tó jẹ ẹ́. Ọ̀pọ̀ ènìyàn, títí kan àwọn ará Jámánì fúnra wọn, gbà pé láti ara ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń lò fún díndín ni orúkọ náà ti wá, ṣùgbọ́n orísun rẹ̀ ni brät, ọ̀rọ̀ àtijọ́ tí ó túmọ̀ sí ẹran tí a gé wẹ́wẹ́. Wurst sì ni sọ́séèjì. Ẹran ẹlẹ́dẹ̀ ni ó wọ́pọ̀ jù nínú rẹ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé wọ́n máa ń fi ẹran ọmọ màlúù pò ó ní àwọn ibì kan. Wọ́n á fi iyọ̀, ata dúdú àti ewé marjoram sí i, wọ́n á sì rọ ọ́ sínú ìfun ẹlẹ́dẹ̀ tàbí ìfun àgùntàn tí wọ́n ti fọ̀ mọ́.

Ẹ má ṣe fi wé sọ́séèjì inú agolo tí ọ̀pọ̀ wa fi jẹ búrẹ́dì ní kékeré. Ìyẹn rọ̀ bí ẹyin bíbọ̀, kò sì ní awọ tí a lè tọ́ka sí. Bratwurst ní ara, ó ní ọ̀rá, awọ rẹ̀ sì máa ń dún ní kété tí eyín bá kàn án.

Ṣé òótọ́ ni pé ó ti pẹ́ tó bí wọ́n ṣe ń sọ?

Òótọ́ ni. Nínú ìwé ìṣirò owó ilé àwọn obìnrin ajẹ́jẹ̀ẹ́ kan ní ìlú Arnstadt, ní agbègbè Thuringia, wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀ ní ọdún 1404 pé àwọn ná owó lórí ìfun tí wọn yóò fi ṣe bratwurst. Ó dùn mọ́ mi pé àkọsílẹ̀ nípa owó ọjà, kì í ṣe ìtàn àwọn ọba, ni ó pa ọ̀rọ̀ náà mọ́ fún wa.

Oríṣi mélòó ló wà, èwo ni kí n kọ́kọ́ rà?

Agbègbè kọ̀ọ̀kan ní tirẹ̀. Thüringer Rostbratwurst, ìyẹn ti Thuringia, gùn tó sẹ̀ǹtímítà 15 sí 20, marjoram sì máa ń hàn dáadáa nínú rẹ̀, pẹ̀lú áyù àti èso caraway lọ́pọ̀ ìgbà. Nürnberger Rostbratwurst, ìyẹn ti ìlú Nuremberg, kéré bí ìka ọwọ́: sẹ̀ǹtímítà 7 sí 9 ni gígùn rẹ̀, ìwọ̀n rẹ̀ kò sì ju gíráàmù 20 sí 25 lọ. Láti ọdún 2003 ni òfin àjọ ìṣọ̀kan ilẹ̀ Yúróòpù ti ń dáàbò bo orúkọ méjèèjì, tí ó fi jẹ́ pé ẹni tí kò bá ṣe é ní agbègbè náà kò lẹ́tọ̀ọ́ láti kọ orúkọ yẹn sára ọjà rẹ̀. Ní ìlú Coburg ẹ̀wẹ̀, èso gbígbẹ ti igi páìnì ni wọ́n ń dá iná sí, èéfín rẹ̀ sì máa ń fi òórùn tirẹ̀ sára ẹran.

Ẹni tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ ni mo máa ń sọ fún pé kí ó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú irú ti Thuringia. Nítorí pé ó nípọn, ó máa ń fún ènìyàn láàyè láti tún àṣìṣe ṣe. Ti Nuremberg kò ní sùúrù: bí ẹ bá yíjú padà láti dá ẹnìkan lóhùn, ó ti gbẹ.

Mùsùlùmí ni mí. Ṣé oúnjẹ yìí kò wá sí fún mi nìyẹn?

Ó wà fún yín. Ní Frankfurt, sọ́séèjì kan wà tí wọ́n ń pè ní Rindswurst, tí ó jẹ́ ẹran màlúù nìkan. Ilé ẹran Gref-Völsings, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ọdún 1894, ni wọ́n mọ̀ mọ́ ọn, àwọn Júù tí kì í jẹ ẹlẹ́dẹ̀ sì ni wọ́n kọ́kọ́ ní lọ́kàn nígbà tí wọ́n ń ṣe é. Àwọn alápatà ọmọ ilẹ̀ Tọ́kì tí wọ́n wà káàkiri ìlú ńláńlá Jámánì náà máa ń ta sọ́séèjì màlúù, ti adìyẹ àti ti tòlótòló.

Ohun méjì ni kí ẹ yẹ̀ wò. Èkíní ni pé ẹran màlúù kì í di hàláàlì nítorí pé kì í ṣe ẹlẹ́dẹ̀. Bí wọ́n ṣe pa á ni ọ̀rọ̀ wà. Èkejì ni ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń gbàgbé: wọ́n lè rọ ẹran adìyẹ sínú ìfun ẹlẹ́dẹ̀. Ẹ ka ohun tí wọ́n kọ sẹ́yìn ọ̀rá náà títí dé òpin, tàbí kí ẹ bi alápatà léèrè ìfun tí ó lò.

Báwo ni mo ṣe máa mọ̀ bóyá tútù ni èyí tí mo rà tàbí ó ti jinná?

Ẹ wo àwọ̀ rẹ̀, kí ẹ sì fi ọwọ́ tẹ̀ ẹ́. Èyí tí ó ṣì tútù máa ń pọ́n díẹ̀, ó máa ń rọ̀, bí ẹ bá sì gbé e sókè láti àárín, á tẹ̀ wálẹ̀ lápá méjèèjì. Èyí tí wọ́n ti bọ̀ nínú omi gbígbóná funfun bí eérú, ó sì le díẹ̀. Lára ọ̀rá ìdìpọ̀ rẹ̀ ní Jámánì, ọ̀rọ̀ náà gebrüht ń sọ fún yín pé wọ́n ti bọ̀ ọ́, roh sì ń sọ pé tútù ni. Ìyàtọ̀ yìí ṣe pàtàkì, nítorí pé èyí tí wọ́n ti bọ̀ kàn nílò kí ó gbóná kí ó sì pọ́n ni, ṣùgbọ́n èyí tí ó tútù gbọ́dọ̀ jinná dé inú.

Báwo ni iná ṣe gbọ́dọ̀ rí?

Kò gbọ́dọ̀ sí ọwọ́ iná rárá. Ẹ dá èédú, kí ẹ sì fi í sílẹ̀ fún nǹkan bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú, títí eérú funfun yóò fi bo gbogbo ara rẹ̀. Ẹ kó ẹyin iná náà sí ẹ̀gbẹ́ kan, kí ẹ̀gbẹ́ kejì ṣófo. Ibi tí ó gbóná ni a ti ń mú kí awọ pọ́n, ibi tí ó ṣófo sì ni a ti ń jẹ́ kí inú jinná, tàbí tí a ń sá lọ bí ọ̀rá bá kán sínú iná tí ọwọ́ iná sì là. Bí ẹ bá na ọwọ́ sókè àwọ̀n irin, ní ìwọ̀n àtẹ́lẹwọ́ kan sí i, tí ẹ sì lè ka ení, èjì, dé márùn-ún tàbí mẹ́fà kí ẹ tó fà á kúrò, iná náà tó. Bí ẹ kò bá lè ka ju méjì lọ, ẹ dúró díẹ̀ sí i.

Ẹni tí ó bá ti dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ onísúyà ní alẹ́ yóò fẹ́ fi abẹ̀bẹ̀ fẹ́ iná náà kí ó lè yá. Súyà fẹ́lẹ́, ó sì lè fara da iná líle. Sọ́séèjì kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ gbé abẹ̀bẹ̀ sílẹ̀.

Báwo ni mo ṣe máa sun ún, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin?

Ẹ yọ sọ́séèjì kúrò nínú fìríìjì ní nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú ṣáájú, kí ẹ sì fi bébà ìnuwọ́ nù ún gbẹ, nítorí pé awọ tí ó tutù kì í pọ́n, gbígbẹ ni yóò kọ́kọ́ máa gbẹ. Nígbà tí àwọ̀n irin bá ti gbóná, ẹ fi ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ díẹ̀ pa á lára gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti ń ṣe ní Thuringia. Ààbọ̀ àlùbọ́sà tí ẹ tì bọ òróró náà yóò ṣe iṣẹ́ kan náà. Lẹ́yìn náà, ẹ to sọ́séèjì sí ààlà láàárín ibi tí ó gbóná àti ibi tí ó ṣófo, kí wọ́n má ṣe fara kan ara wọn.

Ẹ máa yí wọn padà ní ìṣẹ́jú kan sí méjì. Ẹ̀mú ni kí ẹ lò, ẹ má ṣe lo fọ́ọ̀kì. Ní ìṣẹ́jú mẹ́ta àkọ́kọ́, kò ní dà bí ẹni pé nǹkan kan ń ṣẹlẹ̀, awọ á kàn máa dán ni. Nígbà tí ó bá yá, ẹ ó gbọ́ tí ọ̀rá bẹ̀rẹ̀ sí í ta ṣàà lábẹ́ awọ, àwọn àmì kéékèèké á yọ bí ẹni pé ó ń làágùn, awọ náà á sì bẹ̀rẹ̀ sí í pọ́n. Láti ìgbà yìí lọ, ẹ má ṣe kúrò níbẹ̀. Tútù tí ó tó gíráàmù 100 sí 120 máa ń gbà tó ìṣẹ́jú 12 sí 18. Èyí tí wọ́n ti bọ̀ kò ju ìṣẹ́jú 8 sí 10 lọ. Ti Nuremberg kò sì ju 6 sí 8 lọ.

Ní ọjà àwọn ìlú Thuringia, ẹ wo ọwọ́ ẹni tí ó ń sun ún. Ẹ̀mú wà ní ọwọ́ ọ̀tún, kò sì dúró: á yí èyí tí ó wà níwájú, á ti èyí tí ó ti pọ́n lọ sẹ́yìn, á fa òmíràn wá sí ipò rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni yóò máa ṣe é lọ lọ́wọ̀ọ̀wọ́, láì gbójú kúrò lórí iná nígbà tí ó bá ń gba owó.

Ṣé kí n gún un kí ó má baà bẹ́?

Rárá o. Ihò tí ẹ bá gún ni ọ̀rá àti omi ẹran yóò gbà jáde. Ọ̀rá yóò kán sínú iná, ọwọ́ iná yóò là, èéfín dúdú yóò gòkè padà sára ẹran, èéfín yẹn kò sì dára fún ara. Ohun tí yóò kù lọ́wọ́ yín ni sọ́séèjì gbígbẹ tí ó kún fún òórùn èéfín.

N kò gún un, síbẹ̀ ó bẹ́. Kí ló fà á?

Iná líle ni. Omi tí ó wà nínú ẹran á di ooru kí awọ tó ní àkókò láti nà, ooru náà kò sì rí ọ̀nà mìíràn ju pé kí ó ya awọ lọ. Ó tún lè jẹ́ pé láti inú fírísà ni ẹ ti gbé e bọ́ sórí iná tààrà, tí ara rẹ̀ ń jó nígbà tí inú rẹ̀ ṣì jẹ́ yìnyín. Bí ọ̀kan tàbí méjì bá bẹ́ nínú mẹ́wàá, ẹ má ṣe jẹ́ kí ó dùn yín. Bí gbogbo rẹ̀ bá bẹ́, ẹ dín iná kù.

Ṣé ó dára kí n kọ́kọ́ bọ̀ ọ́?

Ó dára bí ó bá jẹ́ tútù tí ọkàn yín kò sì balẹ̀ nípa iná yín. Ẹ fi sínú omi tí ó gbóná ṣùgbọ́n tí kò hó, ní nǹkan bí 75 sí 80°C, fún ìṣẹ́jú 10 sí 15, lẹ́yìn náà ẹ nù ún gbẹ kí ẹ tó gbé e sórí iná fún ìṣẹ́jú mélòó kan. Bí omi bá hó, ọ̀rá á yọ́ jáde, adùn á sì bá omi lọ.

Ní ìpínlẹ̀ Wisconsin ní Amẹ́ríkà, níbi tí ọ̀pọ̀ ará Jámánì ti lọ tẹ̀dó ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, inú bíà àti àlùbọ́sà ni wọ́n ti máa ń bọ̀ ọ́. Àríyànjiyàn ńlá wà láàárín wọn bóyá kí bíbọ̀ ṣáájú sísun ni, tàbí kí ó tẹ̀ lé e. Èmi fara mọ́ àwọn tí wọ́n ń sun ún ní tútù, tí wọ́n wá ń fi í sínú bíà gbígbóná náà kí ó má baà tutù títí àlejò yóò fi dé.

Báwo ni mo ṣe máa mọ̀ pé ó ti jinná?

Òṣùwọ̀n ìgbóná tí wọ́n ń kì bọ ẹran ni ó dájú jù. Ẹ ti òṣùwọ̀n náà wọ inú sọ́séèjì láti orí rẹ̀, kí ó wọlé dé àárín, kì í ṣe láti ẹ̀gbẹ́. Bí ó bá dé 71°C, ó ti jinná. Bí ó bá jẹ́ ti adìyẹ tàbí tòlótòló, ẹ jẹ́ kí ó dé 74°C.

Ẹni tí kò ní òṣùwọ̀n, kí ó gé ọ̀kan sí méjì. Omi tí ó bá jáde gbọ́dọ̀ mọ́ gaara, ẹran àárín kò sì gbọdọ̀ rọ̀ pẹ̀lẹ́mù mọ́. Àwọ̀ nìkan kò tó ẹ̀rí, nítorí pé awọ lè pọ́n rẹ́súrẹ́sú kí àárín ṣì jẹ́ tútù.

Irú ọbẹ̀ kíkan wo ni wọ́n fi ń jẹ ẹ́?

Ó sinmi lórí ibi tí ẹ bá wà. Ní Thuringia, mọ́sítádì ni, ọ̀pọ̀ wọn kò sì gbà pé kẹ́ṣọ́ọ̀pù yẹ kí ó sún mọ́ ọn. Mọ́sítádì fúnra rẹ̀ jẹ́ ọbẹ̀ kíkan: èso rẹ̀ ni wọ́n lọ̀ pọ̀ mọ́ fínígà, omi, iyọ̀ àti ṣúgà díẹ̀. Ní Nuremberg, kábéèjì kíkan tàbí gbòǹgbò horseradish tí ó máa ń ta sí imú ni wọ́n fi ń jẹ ẹ́, wọ́n sì máa ń ta sọ́séèjì náà ní mẹ́fà, mẹ́jọ, mẹ́wàá tàbí méjìlá lórí àwo, tàbí mẹ́ta nínú búrẹ́dì kan.

Èyí tí gbogbo ayé mọ̀ jù ni ọbẹ̀ kọ́rì ti Berlin. Herta Heuwer, obìnrin kan tí ó ní ìsọ̀ ní àdúgbò Charlottenburg, ni wọ́n gbà pé ó kọ́kọ́ da ọbẹ̀ tòmátò àti kọ́rì sórí sọ́séèjì gígé ní ọjọ́ kẹrin oṣù kẹsàn-án ọdún 1949, nígbà tí ìlú náà ṣì kún fún àlàpà ogun. Ní ọdún 1959 ó fi orúkọ Chillup forúkọ ọbẹ̀ rẹ̀ sílẹ̀ lábẹ́ òfin. Oúnjẹ náà wá gbajúmọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ilé iṣẹ́ ọkọ̀ Volkswagen fi ń ṣe sọ́séèjì tirẹ̀ ní Wolfsburg láti ọdún 1973. Wọ́n tilẹ̀ fún un ní nọ́ńbà bí ẹni pé ó jẹ́ ọ̀kan lára ẹ̀yà ara mọ́tò: 199 398 500 A.

Kí ló dé tí ó fi gbọ́dọ̀ kan?

Ọ̀rá pọ̀ nínú bratwurst, ọ̀rá sì máa ń bo ahọ́n tó bẹ́ẹ̀ tí ẹnu fi máa ń sú ni lẹ́yìn ègé kejì. Kíkan ni ó máa ń ṣí ẹnu padà. Ọgbọ́n kan náà ni ó wà nínú tòmátò àti ata tí a fi ń jẹ ẹran ọlọ́ràá nílé.

Báwo ni mo ṣe lè se ọbẹ̀ náà fúnra mi?

Fún sọ́séèjì mẹ́fà, ẹ wá àlùbọ́sà kan tí kò tóbi jù, òróró ṣíbí ìjẹun méjì, tòmátò alágolo gíráàmù 70 (èyí ni ìwọ̀n tí ó wà nínú ọ̀rá kékeré tí wọ́n ń tà ní Nàìjíríà), kọ́rì ṣíbí tíì mẹ́ta, tàtàṣé gbígbẹ lílọ̀ ṣíbí tíì kan, ṣúgà ṣíbí ìjẹun méjì, fínígà ṣíbí ìjẹun mẹ́ta, mọ́sítádì ṣíbí tíì kan, omi mílílítà 200, iyọ̀, àti ata gígún bí ẹ bá ti fẹ́ kí ó ta tó.

Ẹ gé àlùbọ́sà wẹ́wẹ́, kí ẹ sì dín in lórí iná kékeré títí yóò fi rọ̀ láì dúdú. Ẹ da kọ́rì àti tàtàṣé sí i, kí ẹ rò ó fún nǹkan bí ààbọ̀ ìṣẹ́jú. Òórùn rẹ̀ á jáde kíákíá, bí ẹ bá sì pẹ́ jù á korò. Ẹ fi tòmátò sí i, kí ẹ dín in títí òróró yóò fi máa yọ sí ẹ̀gbẹ́, gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ń dín ata fún ọbẹ̀. Nígbà náà ni kí ẹ da omi, ṣúgà, mọ́sítádì àti méjì nínú mẹ́ta fínígà náà sí i, kí ó máa hó jẹ́jẹ́ fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Fínígà tí ó kù, lẹ́yìn tí ẹ bá ti sọ ọ́ kalẹ̀ ni kí ẹ fi sí i, nítorí pé èyí tí ó ti pẹ́ lórí iná ti pàdánù díẹ̀ nínú agbára rẹ̀.

Ẹ má ṣe lo ìkòkò àlùmíníọ́ọ̀mù. Fínígà àti tòmátò máa ń jẹ ẹ́ lára, ọbẹ̀ á sì ní adùn irin. Ìkòkò tí kì í dípẹtà tàbí èyí tí wọ́n fi tánganran bò nínú ni ó yẹ.

Ṣé kọ́rì tí à ń lò fún ìrẹsì nílé lè ṣe é?

Ó lè ṣe é dáadáa. Ọ̀dọ̀ àwọn Gẹ̀ẹ́sì ni kọ́rì inú agolo ti dé ọ̀dọ̀ wa, ìtàn tí wọ́n sì ń sọ ní Berlin ni pé lọ́wọ́ àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì ni Heuwer ti rí tirẹ̀. Atalẹ̀ pupa ni ó pọ̀ nínú méjèèjì. Tiwa kì í ta púpọ̀, nítorí náà ẹ lè nílò ata díẹ̀ sí i. Ṣùgbọ́n ẹ má ṣe fi táìmù tẹ̀ lé e bí ó ti mọ́ wa lára. Ọbẹ̀ náà á di ti ìrẹsì.

Ọbẹ̀ mi kan jù. Kí ni kí n ṣe?

Ẹ fi ṣúgà díẹ̀díẹ̀ sí i, kí ẹ sì máa tọ́ ọ wò pẹ̀lú ègé sọ́séèjì kan, kì í ṣe ní òun nìkan. Ọbẹ̀ tí ó dà bí ẹni pé ó kan jù lórí ṣíbí sábà máa ń ṣe déédéé lórí ẹran. Káún kì í ṣe oògùn rẹ̀, ọbẹ̀ á kàn ní adùn káún ni. Bí ó bá dùn jù ńkọ́? Fínígà díẹ̀ àti iyọ̀ bín-ín-tín.

Ìgbà wo ni kí n da ọbẹ̀ sí i: kí n tó sun ún, nígbà tí mo bá ń sun ún, tàbí lẹ́yìn rẹ̀?

Lẹ́yìn rẹ̀. Ṣúgà àti tòmátò inú ọbẹ̀ máa ń jó kí ẹran tó gbóná dé inú. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo gbìyànjú rẹ̀, mo fi ọbẹ̀ ra ogún sọ́séèjì lára kí n tó gbé wọn sórí iná. Láàárín ìṣẹ́jú márùn-ún ọbẹ̀ náà ti di èédú lára wọn, wọ́n sì lẹ̀ mọ́ irin pinpin. Mo bó awọ wọn kí a tó lè jẹ wọ́n, bratwurst tí a bó sì jẹ́ ohun ìbànújẹ́.

Bí ẹ bá fẹ́ kí ọbẹ̀ náà dán lára rẹ̀, ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì ra á fẹ́lẹ́ ní ìṣẹ́jú méjì tí ó kẹ́yìn, ní ibi tí kò sí ẹyin iná. Ìyókù, inú àwo ni kí ó wà. Bí ẹ bá fi búrọ́ọ̀ṣì kan ẹran tútù, ẹ má ṣe tì í padà sínú ọbẹ̀ tí ènìyàn yóò jẹ.

Búrẹ́dì wo ni kí n lò?

Búrẹ́dì kékeré tí ẹ̀yìn rẹ̀ le. Kò gbọdọ̀ dùn, bẹ́ẹ̀ ni kò gbọdọ̀ gùn tó sọ́séèjì: ní Thuringia, sọ́séèjì máa ń yọ síta lápá méjèèjì, ibẹ̀ sì ni a ti ń bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ ẹ́. Búrẹ́dì tiwa tí ó ní ṣúgà máa ń bá kíkan ọbẹ̀ jà. Currywurst, ìyẹn sọ́séèjì ọlọ́bẹ̀ kọ́rì ti Berlin, kò nílò rẹ̀ rárá. Wọ́n á gé e sí ègé, wọ́n á da ọbẹ̀ lé e, wọ́n á wọ́n kọ́rì sí i lórí, ọ̀dùnkún díndín á sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́.

Mo rí àwọn tí wọ́n ń da bíà sórí iná. Kí ni ìwúlò rẹ̀?

Àṣà ni, ó sì máa ń dùn ún wò. Ṣùgbọ́n bíà tí ó bá kan ẹyin iná máa ń gbé eérú sókè, orí sọ́séèjì sì ni eérú náà ń bà lé. Bí ó bá jẹ́ láti pa ọwọ́ iná ni, ẹ ti sọ́séèjì sí ẹ̀gbẹ́ tí ó ṣófo, ọwọ́ iná á kú fúnra rẹ̀. Ẹ mu bíà yín.

Ilé alájà ni mo ń gbé ní Lọ́ńdọ̀nù, n kò ní àgbàlá. Ṣé mo lè sun ún nínú ilé?

Ẹ má ṣe dá èédú nínú ilé láéláé, ì báà jẹ́ pé fèrèsé ṣí sílẹ̀. Èédú tí ń jó máa ń tú gáàsì carbon monoxide jáde, kò ní àwọ̀, kò ní òórùn, ó sì ń pani. Èédú tí ó dà bí ẹni pé ó ti kú náà ṣì ń tú u jáde, nítorí náà ẹ má ṣe gbé e wọlé nítorí òjò.

Páànù tí ó wúwo ni kí ẹ lò. Ẹ fi òróró díẹ̀ àti omi ìka méjì sí i, kí ẹ to sọ́séèjì sí i, kí ẹ dé e lórí iná kékeré fún ìṣẹ́jú mẹ́jọ. Ẹ ṣí i, kí omi náà gbẹ tán, lẹ́yìn náà ẹ máa yí wọn nínú ọ̀rá ara wọn títí wọn yóò fi pọ́n. Kò ní òórùn èéfín, ṣùgbọ́n oúnjẹ gidi ni.

Ṣé sọ́séèjì wà tí kò gbọdọ̀ dé orí iná rárá?

Weisswurst, sọ́séèjì funfun ti Munich, ni àkọ́kọ́. Inú omi gbígbóná ni ààyè rẹ̀, mọ́sítádì dídùn ni wọ́n fi ń jẹ ẹ́, àwọn àgbà ibẹ̀ sì ní kò gbọdọ̀ gbọ́ agogo ọ̀sán. Ẹni tí ó bá sun ún ní Munich, kí ó má ṣe sọ pé èmi ni mo rán òun.

Àwọn yòókù ni Wiener, Bockwurst àti gbogbo ẹran tí àwọ̀ rẹ̀ pupa láti inú ilé iṣẹ́. Iyọ̀ tí wọ́n fi nítíráìtì sí ni ó ń mú wọn pupa, bí ìyẹn bá sì bá iná líle pàdé, ó lè di àwọn èròjà tí wọ́n ń pè ní nitrosamine, tí wọ́n kà sí ara ohun tí ó lè fa jẹjẹrẹ. Bratwurst tòótọ́ kò ní iyọ̀ yìí. Ìdí nìyẹn tí inú rẹ̀ fi máa ń funfun tàbí kí ó dà bí eérú nígbà tí ó bá jinná.

Mo gbọ́ nípa bratwurst tí wọ́n ń se nínú fínígà. Ṣé ó yàtọ̀ sí èyí?

Ó yàtọ̀ pátápátá. Saure Zipfel ni wọ́n ń pè é ní agbègbè Franconia, ní ìhà Nuremberg. Wọ́n á se àlùbọ́sà púpọ̀ nínú omi, fínígà, ewé bay àti ata dúdú, wọ́n á sì fi sọ́séèjì tútù sínú omi náà kí ó jinná jẹ́jẹ́. Kò pọ́n, iná kò kàn án, kíkan náà sì wọ inú rẹ̀ lọ. Àwọn kan kò fẹ́ràn àwọ̀ rẹ̀ tí ó rẹ̀wẹ̀sì. Mo rọ̀ yín kí ẹ di ojú, kí ẹ sì mu omi rẹ̀ pẹ̀lú búrẹ́dì.

Báwo ni mo ṣe lè tọ́jú ìyókù?

Tútù kò gbọdọ̀ ju ọjọ́ kan sí méjì lọ nínú fìríìjì, nítorí pé ẹran lílọ̀ máa ń tètè bàjẹ́ ju odidi ẹran lọ. Sísun lè lo ọjọ́ mẹ́ta; ọbẹ̀ nínú ìgò tí ó mọ́ lè lo ọ̀sẹ̀ kan, ọpẹ́lọpẹ́ fínígà. Gbogbo ìṣirò yìí jẹ́ fún ibi tí iná mànàmáná kì í lọ. Níbi tí ó bá ti ń lọ tí ó ń bọ̀, ẹ ra ìwọ̀n tí ẹ ó jẹ lọ́jọ́ náà.

Ènìyàn ogójì ni mo fẹ́ sun ún fún. Báwo ni n kò ṣe ní dúró nídìí iná títí ilẹ̀ yóò fi ṣú?

Ẹ bọ gbogbo rẹ̀ ṣáájú, ní ọgọ́rin, méjì fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Ẹ pín in sí ìsọ̀rí ogún-ogún nínú omi 75 sí 80°C, nítorí pé bí ẹ bá da gbogbo rẹ̀ sí i lẹ́ẹ̀kan náà, omi á tutù, ẹ kò sì ní mọ èyí tí ó jinná. Ẹ kó wọn sínú omi yìnyín bí wọ́n bá ti jáde, ẹ nù wọ́n, kí ẹ sì fi wọ́n sínú fìríìjì. Nígbà tí àlejò bá jókòó, ìṣẹ́jú mẹ́fà sí mẹ́jọ lórí iná ti tó fún ìsọ̀rí kọ̀ọ̀kan. Ẹ gé ọ̀kan wò nínú ìsọ̀rí àkọ́kọ́ láti rí i pé inú rẹ̀ gbóná gidi.

Ní ti ọbẹ̀, ẹ lè sọ gbogbo èròjà di ìlọ́po mẹ́tàlá, àfi omi. Nínú ìkòkò ńlá, omi kì í gbẹ kíákíá bí ó ṣe máa ń gbẹ nínú kékeré, nítorí náà ẹ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú lítà kan àti ààbọ̀, kí ẹ sì fi kún un bí ó bá ki jù. Ẹ pa ife fínígà kan mọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́. Bí ọbẹ̀ bá ti wà lórí iná kékeré fún wákàtí méjì tí àwọn kan ṣì ń dé, kíkan rẹ̀ á ti dín kù, ṣíbí méjì tàbí mẹ́ta nínú ife yẹn á sì jí i.